Bí Mo Ṣe Kọ́ Bàbá Mi Láti Ti Ilẹ̀kùn

Bàbá mi ló sọ àwọn òkú inú fóònù mi di àlejò. Kí ó tó wá gbé lọ́dọ̀ mi ní Ìkàrẹ́, òkú ni mo máa ń pè wọ́n, nítorí òkú náà ni wọ́n. Ara wọn ti jẹrà, ojú wọn funfun, wọ́n á máa wọ́ ẹsẹ̀ nílẹ̀ bí ẹni tí bàtà tuntun ń há lẹ́sẹ̀. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ kìíní tí bàbá mi rí wọn tí wọ́n ń jáde bọ̀ láti inú igbó, tí wọ́n dojú kọ ilé tí mo kọ́ sínú eré náà, ohun tó sọ ni pé, "Tíṣà, o ní àlejò o."

Ẹ má fi mí rẹ́rìn-ín. Mo ti lé ní ẹni àádọ́ta ọdún, igbákejì ọ̀gá ni mí ní iléèwé girama kan ní Ìkàrẹ́, mo sì máa ń ṣe géèmù lórí fóònù. Àbígbẹ̀yìn mi ló gbé e sínú fóònù náà fún mi nígbà tó ń lọ sí yunifásítì. Ó ní bí mo bá ń pe òun ní ìrọ̀lẹ́-ìrọ̀lẹ́ báyìí, òun ò ní ráyè kàwé. Bàbá wọn ti kú, àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ti lọ sílé ọkọ. Ó wá ku èmi àti òkìtì ìwé àwọn ọmọ iléèwé tí mo ní láti máàkì.

Eré náà kò ṣòro láti yé ènìyàn. Wọ́n á jù ẹ́ sínú igbó lọ́wọ́ òfìfo. Ní ọ̀sán wàá gé igi, wàá fọ́ òkúta, wàá kọ́ ilé. Bí ilẹ̀ bá ti ṣú nínú eré, àwọn òkú á dìde, wọ́n á máa wá ẹ kiri. Bí wọ́n bá wọlé bá ẹ, o kú nìyẹn, gbogbo ohun tó o sì ti kó jọ á fọ́n ká sílẹ̀. Bí ilẹ̀ bá mọ́, oòrùn á jó wọn pa. Òru kan níbẹ̀ kò ju bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ.

Mo fẹ́ràn rẹ̀, mi ò ní purọ́. Láti àárọ̀ títí a ó fi jáde níléèwé, gbogbo ayé ló ń wọ ọ́fíìsì mi. Òbí tí wọ́n na ọmọ rẹ̀, tíṣà tí kò fẹ́ kọ́ kíláàsì kan, ọmọ tó jí ṣọ́ọ̀kì, ẹni tí wọ́n rán wá láti ọ́fíìsì ìjọba tó fẹ́ kí n kọ ohun tí mo ti kọ lẹ́ẹ̀mejì tẹ́lẹ̀. Bí mo bá délé, ara mi á ti kú tán. Inú eré yẹn nìkan ni mo ti lè mọ ògiri kí ẹnikẹ́ni má sì wọlé bá mi.

Ohun tó gbé bàbá mi dé ọ̀dọ̀ mi nìyí. Ọ̀kà ló ń gbé, òun nìkan, nínú ilé tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ́ lórí òkè, níbi tí wọ́n ti bí mi. Ẹni tó bá mọ àdúgbò wa á mọ̀ pé a kì í ti ilẹ̀kùn lọ́sàn-án bí ènìyàn bá wà nílé. Ilẹ̀kùn tó bá wà ní títì lójú oòrùn, ó ní láti jẹ́ pé òkú wà nínú ilé yẹn, tàbí pé onílé ń bá ẹnì kan jà. Àlejò á dúró lẹ́nu ọ̀nà, á ní, "Àgò onulé o!" Ulé là ń pe ilé lọ́dọ̀ wa. Onílé ò ní bèèrè ẹni tó jẹ́. Á kàn dáhùn pé, "Àgò yà," àlejò á sì wọlé.

Ní ọ̀sán ọjọ́ kan, ọ̀dọ́mọkùnrin méjì gun ọ̀kadà wá. Wọ́n kan ilẹ̀kùn, wọ́n ní àgò onulé, wọ́n sọ ọ́ bí ọmọ Ọ̀kà gan-an. Bàbá mi ní àgò yà. Ó fún wọn ní omi. Wọ́n mu omi náà tán, wọ́n tì í ṣubú, wọ́n kó rédíò rẹ̀, fóònù rẹ̀ àti bátìrì iná oòrùn tí mo rà fún un, wọ́n lọ. Ọrùn ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ kán. Ilẹ̀ẹ́lẹ̀ ló wà títí ọ̀rẹ́ rẹ̀ fi dé. Kátíkíìsì ni ọ̀rẹ́ yìí kí ó tó fẹ̀yìn tì, láti kékeré ni àwọn méjèèjì sì ti jọ ń rìn. Ojoojúmọ́ ló máa ń fi ọ̀pá rẹ̀ tẹ ilẹ̀ wá sílé wa ní ọ̀sán kí wọ́n lè jọ jẹ iṣu sísun.

Mo gbé bàbá mi wá sí Ìkàrẹ́ lọ́jọ́ kejì. Wọ́n fi sìmẹ́ǹtì funfun di ọwọ́ náà. Nígbà tí wọ́n tú u, nọ́ọ̀sì ní kí ó máa fi ìka ọwọ́ náà ṣiṣẹ́ kéékèèké, kí ó má baà le gbagidi. Mo fún un ní bọ́ọ̀lù kékeré kan kí ó máa fi ọwọ́ náà tẹ̀ ẹ́. Ó wò ó, ó jù ú sábẹ́ àga. Ó ní òun kì í ṣe ọmọ jẹ́lé-ó-sinmi. Ìgbà yẹn ni mo gbé fóònù lé e lọ́wọ́.

Mo rò pé á sú u. Kò sú u rárá. Bàbá mi ti fi gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ bá òyà jà nínú oko iṣu àti ẹ̀gẹ́, kò sì sí ohun tó ń rìn nínú igbó tí kò mọ bí a ṣe ń dí ọ̀nà mọ́ ọn. Ilé mi nínú eré, igi ni mo fi kọ́ ọ, mo sì kọ́ ọ mọ́ ẹsẹ̀ igbó. Ó wò ó, ó pòṣé.

"Ta ló kọ́ ẹ ní iṣẹ́ yìí? O kọ́lé sẹ́nu òyà."

"Òkú ni wọ́n, Bàbá, wọn kì í ṣe òyà."

"Ohunkóhun tó bá ti ń bọ̀ láti inú igbó, kì í fẹ́ gba gbangba. Ro ibẹ̀."

Ó ní kí n ro igbó yí ilé ká. Ó ní kí n gbẹ́ kòtò yí i ká, kí n sì fi pákó kan ṣoṣo dá afárá síwájú ilẹ̀kùn tí àwa fúnra wa á máa gbà. Èmi náà kọ́ ọ ní tèmi. Mo sọ fún un pé àwọn òkú kì í hù níbi tí iná bá wà, nítorí náà a ní láti gbé àtùpà sí gbogbo kọ̀rọ̀ ilé. Ó gbà. Láàárín ọ̀sẹ̀ méjì, ilé wa dára débi pé mo ya àwòrán rẹ̀ ránṣẹ́ sí ọmọ mi. Bí mo bá ti iléèwé dé ní ìrọ̀lẹ́, màá bá a ní faranda, fóònù lórí itan, ìka rẹ̀ ń lọ ń bọ̀. Ọwọ́ náà ti ń yá.

Ilẹ̀kùn nìkan ni wàhálà wa. Òkú kan tàbí méjì máa ń rí afárá yẹn gbà. Bí wọ́n bá dé ẹnu ilẹ̀kùn, wọ́n á gbá a lẹ́ẹ̀mẹta: kó, kó, kó. Ìgbà àkọ́kọ́ tó ṣẹlẹ̀, bàbá mi kò tilẹ̀ ronú. Ó ní, "Àgò yà o, ẹ wọlé," ó sì tẹ ilẹ̀kùn. Kí n tó na ọwọ́, òkú náà ti pa wá. Gbogbo irin tí mo ti ń wà láti ìgbà ọdún Àjíǹde fọ́n ká sílẹ̀.

Mo jágbe mọ́ bàbá mi. Ojú ń tì mí láti sọ ọ́, ṣùgbọ́n mo ṣe bẹ́ẹ̀. Mo ní, kí ló dé tí ẹ ò lè fi ilẹ̀kùn sílẹ̀?

Ó ní, "Ó kan ilẹ̀kùn, Tíṣà. Olè kì í kan ilẹ̀kùn."

Mo ní, "Àwọn tó kán yín lọ́wọ́ kan ilẹ̀kùn. Wọ́n tún ní àgò."

Ó ń wo ọrùn ọwọ́ rẹ̀ tí sìmẹ́ǹtì ti sọ di tín-ín-rín. Ó yẹ kí n bẹ̀ ẹ́. Ó ti rẹ̀ mí lọ́jọ́ yẹn, mo dìde, mo lọ gbé omi ẹ̀bà kaná.

Kò pẹ́ sí ìgbà náà ló bẹ̀rẹ̀ sí í sọ pé òun fẹ́ padà sílé. Àárọ̀, ìrọ̀lẹ́, ọ̀rọ̀ kan náà ni. Ilé òun ń bàjẹ́. Ìkàrẹ́ ń pariwo. Kò sẹ́ni tó gbọ́ èdè òun dáadáa. Kátíkíìsì ń jẹ iṣu lóun nìkan. Mo mọ̀ pé bí ó bá dúró, á rù, á sì kú sórí àga faranda mi. Mo sì mọ̀ pé bí ó bá lọ, ẹni àkọ́kọ́ tó bá tún ní àgò, á ṣílẹ̀kùn fún un. Mi ò rí oorun sùn lórí ọ̀rọ̀ náà fún ọjọ́ pípẹ́. Nígbà tó yá, mo bá a ṣe àdéhùn. Mo ní bí ó bá lè sun òru méje tẹ̀ léra wọn nínú eré láìṣí ilẹ̀kùn fún òkú kankan, màá gbé e padà sí Ọ̀kà. Bí ó bá ṣí i lẹ́ẹ̀kan péré, a máa bẹ̀rẹ̀ láti orí ení. Mo sì fún un ní òfin kan: bí wọ́n bá kan ilẹ̀kùn, kò gbọdọ̀ dáhùn, kò gbọdọ̀ ṣí i, àfi bí ilẹ̀ bá mọ́.

Ó gbà. Kí ni kò ní gbà?

Ẹ wo àgbàlagbà tó ń kọ́ ẹ̀kọ́ tó lòdì sí gbogbo ohun tí wọ́n fi tọ́ ọ. Bí wọ́n bá ti kan ilẹ̀kùn, á gbé fóònù lé itan, á fi ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ sábẹ́ ìdí, á jókòó lé e. Mo ń gbọ́ tí ẹnu rẹ̀ ń sọ ọ́ jẹ́jẹ́ pé àgò yà, àgò yà, bí ẹni ń gbàdúrà. Ojú rẹ̀ kò tó láti mọ ìgbà tí òkùnkùn inú fóònù bá ti ká kúrò. Á wá yíjú sí mi, á ní, "Ṣé ulẹ̀ ti mọ́?" Bí mo bá ní kò tíì mọ́, á tún jókòó lé ọwọ́ rẹ̀.

Ó dé òru karùn-ún lẹ́ẹ̀kan. Òjò bẹ̀rẹ̀ nínú eré, òkú kan dúró lẹ́nu ọ̀nà nínú òjò náà, ó ń gbá ilẹ̀kùn. Bàbá mi wò ó títí.

"Òjò ń pa á, Tíṣà."

"Bàbá, òkú ni."

"Mo mọ̀. Àlejò sì ni. Òjò ń pa á."

Ó ṣílẹ̀kùn. A kú. Mo rẹ́rìn-ín títí mo fi di ẹ̀gbẹ́ mú, lẹ́yìn náà ni ẹkún gbé mi, mi ò sì mọ bí mo ṣe ti inú ẹ̀rín bọ́ sínú ẹkún. Ó na ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀, ó fi gbá mi lẹ́yìn. Ó ní kí n má bínú, òun á tún un ṣe.

Ó tún un ṣe lóòótọ́. Ní òru keje, wọ́n kan ilẹ̀kùn lẹ́ẹ̀mẹta, wọ́n sinmi, wọ́n tún kàn án. Bàbá mi kò mira. Ẹnu rẹ̀ kò tilẹ̀ sọ ọ́ jẹ́jẹ́ mọ́. Nígbà tí oòrùn là nínú eré tó sì jó òkú náà, ó bi mí bóyá ilẹ̀ ti mọ́, mo ní ó ti mọ́. Mo pàtẹ́wọ́ fún un. Kò yọ̀. Ó dá fóònù mi padà fún mi, ó ní, "Mo ti yege. Gbé mi relé." Mo ṣàkíyèsí pé kò yọ̀, mo kà á sí pé ó rẹ̀ ẹ́ ni, torí pé ó rẹ èmi náà.

Mo gbé e padà sí Ọ̀kà. Mo pe wẹ́dà, ó fi ilẹ̀kùn irin síwájú ilé, ó fi ìdábùú irin sí i nínú. Mo ra fóònù tuntun àti iná alágbára mẹ́ta tí a ń ṣájì. Kátíkíìsì wá kí wa káàbọ̀, ó ń kan sáárá sí ilẹ̀kùn náà, ó ń fi ọ̀pá rẹ̀ gbá a: kó, kó, kó. Àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta rẹ́rìn-ín. Mo wà níbẹ̀, etí mi gbọ́ ọ, síbẹ̀ kò sọ nǹkan kan sí mi lọ́kàn.

Mo ń pè é ní ìrọ̀lẹ́. Ìbéèrè mi kì í yí padà: "Ṣé ẹ ti ilẹ̀kùn?" Á ní òun tì í. Ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́, ó ṣì ń sọ fún mi bí òkè ṣe rí, ẹni tó kú, ẹni tó wa iṣu tuntun jáde. Nígbà tó yá, ìdáhùn rẹ̀ kò ju mo tì í lọ. Mo di ẹ̀bi náà ru nẹ́tíwọ́ọ̀kì. Òótọ́ ibẹ̀ ni pé ara tù mí. Ẹ̀ẹ̀kan nínú ayé mi, ẹnì kan ti ṣe ohun tí mo kọ́ ọ, mo sì lè sùn.

Ní ọjọ́ Sátidé kan, mo ra búrẹ́dì àti ẹja gbígbẹ, mo wọ mọ́tò, a gba Àkùngbá, a gun òkè Ọ̀kà. Mi ò sọ fún un pé mò ń bọ̀. Ìgbà tí mo sọ̀ kalẹ̀, tí mo ń gba ẹ̀yìn àpáta lọ sílé wa, mo bá Kátíkíìsì lábẹ́ ọ̀dẹ̀dẹ̀ rẹ̀. Mo kúnlẹ̀ kí i. Kò sọ pé káàbọ̀.

Ó ní, "Ìyá mi, kí ni mo ṣe fún bàbá rẹ?"

Mo ní, "Ẹ ṣe bí i báwo, sà?"

"Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ti lọ. Ọ̀sán gangan. Mo fi ọ̀pá mi kan ilẹ̀kùn, mo ní àgò. Kò dáhùn. Ó wà nínú ulé, mo ń gbọ́ tí ó ń wúkọ́. Bí mo bá ṣẹ̀ ẹ́, kí ó sọ fún mi. Àgbà méjì kì í fi ilẹ̀kùn bá ara wọn jà."

Kí ni mo fẹ́ sọ? Pé èmi ni mo fi òkú inú fóònù kọ́ ọ? Mo ní kí ó má bínú, mo ní mò ń bọ̀. Mo rìn dé iwájú ilé wa.

Ilẹ̀kùn irin náà wà ní títì, fèrèsé wà ní títì. Oòrùn wà ní àárín orí mi. Mo ní, "Àgò onulé o." Kò sí ìdáhùn. Ohùn mi jọ ti àlejò létí ara mi. Mo kan ilẹ̀kùn, ìgbà tí mo kàn án tán ni mo tó mọ̀ pé ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo kàn án. Mo gbọ́ tí àga ké nínú ilé. Ohùn bàbá mi wá dé láti ẹ̀yìn irin náà, ó kéré.

"Ṣé ulẹ̀ ti mọ́?"

Mo kọ́kọ́ rò pé ó ń bá mi ṣeré. Mo rẹ́rìn-ín. Òun kò rẹ́rìn-ín. Mo dúró sójú oòrùn aago kan ọ̀sán pẹ̀lú búrẹ́dì lábẹ́ apá, mo sọ fún bàbá tó bí mi pé, "Ó ti mọ́, Bàbá. Èmi ni. Tíṣà ni."

Ó fa ìdábùú náà, ó ṣí i. Inú ilé ṣókùnkùn, iná alágbára mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sì ń tàn lọ́sàn-án, ọ̀kan ní kọ̀rọ̀ pálọ̀, ọ̀kan ní yàrá, ọ̀kan lẹ́bàá ilé ìdáná, gẹ́gẹ́ bí mo ṣe sọ fún un pé kí a máa gbé wọn sí. Ó ti rù sí i. Ó gba búrẹ́dì lọ́wọ́ mi, ó jókòó.

Ó ní, "Kò sẹ́ni tó wọlé, Tíṣà. Láti ọjọ́ tí o ti lọ, kò sẹ́ni kankan tó wọlé."

Ó sọ ọ́ bí ọmọ tó mú káàdì ìdánwò rẹ̀ wá fi hàn. Ọkàn mi bàjẹ́. Mo pa iná mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, mo ṣí fèrèsé, mo fi òkúta ti ilẹ̀kùn náà kí ó lè wà ní ṣíṣí gbayawu. Mo jókòó tì í. Mi ò lè sọ pé ẹ̀rù kò bà mí. Ọ̀kadà kan kọjá lójú ọ̀nà, èmi náà na ọrùn wò ó títí ó fi lọ tán. Mi ò sì yọ ìdábùú irin yẹn, ó wà níbẹ̀ títí di òní, alẹ́ nìkan ló ń lò ó.

Kò pẹ́ tí a jókòó, mo gbọ́ ọ̀pá Kátíkíìsì lórí òkúta. Ó dúró síta, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, níbi tí a ò ti lè rí i. Ó kan férémù ilẹ̀kùn lẹ́ẹ̀mẹta.

"Àgò onulé o."

Bàbá mi la ẹnu, ó tún pa á dé. Mo rí ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ tó lọ sábẹ́ ìdí rẹ̀. Ó jókòó lé e, ó sì wo ojú mi, ó ń dúró de ohun tí tíṣà á sọ.

Mo ní, "Àlejò ni, Bàbá. Ẹ dá a lóhùn."

Ó pẹ́ kí ó tó fa ọwọ́ náà yọ.

"Àgò yà," ó wí.

Kò dún tó. Kátíkíìsì ní láti ìta pé òun ò gbọ́, bàbá mi sì tún un wí.